Ẹnu Tó Mọ Orúkọ Í Sọ

Bí wọ́n bá bímọ sí agboolé kan ní Ìgànná, àwọn ọmọdé á ti sáré káàkiri àdúgbò pé ìyàwó lágbájá ti bí. Àwọn ìyàwó ilé á dáná omi gbígbóná, ẹnìkan á lọ wá òrí tí wọn yóò fi pa ọmọ lára. Àgbà tí yóò sọ ọmọ lórúkọ kò ní í tíì dárúkọ kankan. Ìbéèrè ló máa ń bi. Ṣé orí ló kọ́kọ́ yọ ni àbí ẹsẹ̀? Ìwọ́ rẹ̀ ńkọ́, ibo ló gbà? Ta ló kú kẹ́yìn nínú ilé? Ọmọ kélòó ni, ṣé àwọn tó ṣáájú rẹ̀ wà? Ṣé bàbá ọmọ wà nílé nígbà tí ìyá rẹ̀ ń rọbí ni, àbí oko ló wà? Ẹni tí kò mọ̀dí ọ̀rọ̀ á rò pé òfófó ni bàbá ń ṣe. Iṣẹ́ ló ti bẹ̀rẹ̀ o. Gbogbo wa la mọ òwe tó wà nídìí ọ̀rọ̀ yìí, n kò ní í tún un pa. Ohun tí mo fẹ́ ká wò ni ọgbọ́n ọwọ́ tó wà níbẹ̀, nítorí pé iṣẹ́ ni ìsọmọlórúkọ: ó ní ọ̀gá, ó ní ọmọ ẹ̀kọ́ṣẹ́, ó sì ní àwọn tó kàn ń bà á jẹ́ kiri.

Ìgànná kì í ṣe ìlú àná. Samuel Johnson, nínú ìwé ìtàn Yorùbá tó kọ parí ní 1897 tí wọ́n sì tẹ̀ jáde ní 1921, fi Ìgànná ṣe olórí ìlú Ẹkùn Ọ̀tún, ìyẹn apá ìwọ̀ oòrùn ilẹ̀ Ọ̀yọ́ àtijọ́ tó kó Ṣakí, Òkèihò àti Ìsẹ́yìn mọ́ra. Ṣábìgànná ni wọ́n ń pe ọba ibẹ̀ títí dòní. Ilẹ̀ ọ̀dàn ni, igi ẹ̀mí àti igi irú pọ̀ níbẹ̀, ẹnubodè ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ kò sì jìnnà. Ní irú ìlú Ọ̀yọ́ bẹ́ẹ̀, àgbà kì í rìn jìnnà kó tó rí ohun tí yóò fi bẹ̀rẹ̀ orúkọ. Ilé ọdẹ ní Ọdẹ́wálé àti Ọdẹ́yẹmí. Ilé eléégún ní Ọ̀jẹ́wálé àti Ọ̀jẹ́dìran. Ilé onílù ní Àyàndélé, ilé aláwo ní Fáyẹmí, ilé oníṣàngó ní Ṣàngódélé. Bí àlejò bá gbọ́ ìdajì orúkọ, ó ti mọ ilẹ̀kùn tí yóò kàn.

Johnson kọ ọ́ pé ọjọ́ kẹsàn-án ni wọ́n ń sọ ọkùnrin lórúkọ, ọjọ́ keje ni ti obìnrin, ọjọ́ kẹjọ ni ti ìbejì takọtabo. Lóde òní, ọjọ́ kẹjọ ti di ti gbogbo wọn, àtilé Mùsùlùmí àtilé onígbàgbọ́. Kò burú. Ọ̀sẹ̀ kan tó àgbà láti ronú.

Láàárọ̀ ọjọ́ náà, wọ́n á to nǹkan sílẹ̀: omi tútù, iyọ̀, oyin, epo, obì, orógbó, ataare. Ẹ máa wo ọwọ́ bàbá. Kì í kánjú. Á ti ìka bọ omi, á fi kan iwájú orí ọmọ. Ọmọ á gbọ̀n rìrì, á figbe ta, àwọn ìyá á bú sẹ́rìn-ín. Ó kan oyin, ó tọ́ ọ sí ọmọ létè, ẹkún dá. Tó bá mú orógbó, ó ti gbọ́ gbó tó wà nínú rẹ̀, ó fi wúre kí ọmọ gbó kó tọ́. Tó bá mú obì, ó gbọ́ bì, ó fi bi ikú, ó fi bi àrùn. Ó la ataare, ó da kóró inú rẹ̀ sí àtẹ́lẹwọ́, kò tilẹ̀ sọ̀rọ̀, gbogbo ilé ti ń ṣe àmín nítorí pé wọ́n rí bí kóró náà ti pọ̀ tó. Etí tó ń gbọ́ ọ̀rọ̀ nínú ọ̀rọ̀ báyìí gan-an ni etí tó ń ṣẹ̀dá orúkọ. Èmi gbà pé ibẹ̀ ni ọmọ ẹ̀kọ́ṣẹ́ ti ń kọ́ ọ, láì jẹ́ pé ẹnikẹ́ni jókòó kọ́ ọ.

Lẹ́yìn náà ni orúkọ dé. Bàbá á sọ tirẹ̀, ilé á gbè é. Wọ́n á gbé abọ́ sáàárín, ẹni tó bá ní orúkọ á ju owó sí i, á sì dárúkọ náà: ìyá bàbá, ìyá ìyá, ẹ̀gbọ́n, àbúrò, àna tó ti ọ̀nà jíjìn wá. Orúkọ mẹ́wàá lè bọ́ sára ọmọ kan láàárọ̀ ọjọ́ kan. Ibí lèèyàn ti ń mọ ọ̀gá. Ta ni orúkọ rẹ̀ máa ṣáájú láì bí àna nínú? Mo ti rí àgbà kan tó gba owó lọ́wọ́ gbogbo wọn, tó dúpẹ́, tó ké orúkọ kọ̀ọ̀kan rara bí ẹni pé òun nìkan ló wà. Ṣùgbọ́n ó ké ọ̀kan níbẹ̀rẹ̀, ó tún un ké láàárín, ó tún fi ṣe ìparí nígbà tó ń gbé ọmọ fún ìyá rẹ̀. Kò sẹ́ni tó bá a jà. Orúkọ náà ni ọmọ jẹ́ délé ìwé.

Àwọn orúkọ kan wà tí kì í gba àgbà ní àròjinlẹ̀, nítorí pé agbẹ̀bí ti parí iṣẹ́ ibẹ̀. Èyí tó fẹsẹ̀ jáde ni Ìgè. Èyí tí ìwọ́ kọ́ lọ́rùn, Òjó ni tó bá jẹ́ ọkùnrin, Àìná tó bá jẹ́ obìnrin. Onírun tó ta kókó ni Dàda, èyí tó wà nínú àpò ni Òkè, èyí tó dojú bolẹ̀ ni Àjàyí. Níbi tí kò ti sí ìwé, orúkọ ni wọ́n fi ṣe àkọsílẹ̀ ìbí, ẹni tó sì ni ojú tó rí i ni obìnrin tó ń gbẹ̀bí lóru pẹ̀lú fìtílà lẹ́gbẹ̀ẹ́. Àwa a máa yin bàbá tó ń wúre; n kò tíì gbọ́ kí wọ́n yin agbẹ̀bí náà níbi ìkómọ.

Ọ̀kan nínú irú orúkọ bẹ́ẹ̀ ti Òkè-Ògùn, agbègbè tí Ìgànná wà, lọ jìnnà. Ní nǹkan bí 1809 ni wọ́n bí Àjàyí kan ní Òṣoògùn, ní agbègbè Ìsẹ́yìn. Ogun kó o lẹ́rú ní 1821. Ọkọ̀ ẹrú àwọn Potogí tí wọ́n tì í sí bọ́ sọ́wọ́ àwọn ọmọ ogun ojú omi Gẹ̀ẹ́sì ní oṣù kẹrin 1822, wọ́n sì sọ ọ́ kalẹ̀ sí Freetown. Wọ́n ṣèrìbọmi fún un ní 1825, ó gba Samuel Crowther, orúkọ àlùfáà kan ní Lọ́ńdọ́nù. Òmíràn ì bá ti gbàgbé Àjàyí síbẹ̀. Kò gbàgbé. Ó kọ ìwé, ó kọ́ èdè òyìnbó àtijọ́, wọ́n fi jẹ bíṣọ́ọ̀bù ní 1864, síbẹ̀ bó ṣe dojú bolẹ̀ níjọ́ tí agbẹ̀bí Òṣoògùn gbà á wà láàárín Samuel àti Crowther, kedere. Ohun tó tún wù mí níbẹ̀ ni ti ìyá rẹ̀. Ní 1846 ló rí i padà ní Abẹ́òkúta, lẹ́yìn nǹkan bí ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Àfàlà ni wọ́n ń pe ìyá náà. Nígbà tó ṣèrìbọmi ní 1848, Hánà ni wọ́n sọ ọ́. Ẹni tó bá ti ka Bíbélì mọ̀ pé Hánà ni ìyá Sámúẹ́lì. Wọn ò kọ ìwé àlàyé, wọn ò rojọ́. Ọ̀rọ̀ kan péré ni wọ́n fi so ìyá padà mọ́ ọmọ tí ogun já gbà lọ́wọ́ rẹ̀. Bí àgbà Ìgànná kan bá gbọ́ ọ, á ní ẹni tó ṣe èyí mọ̀ ọ́n ṣe.

Àjàyí nìkan kọ́. Àwọn akọ̀wé kóòtù tó wà ní Freetown àti ní Havana láti 1808 dé 1862 kọ orúkọ àwọn tí wọ́n gbà sílẹ̀ nínú ọkọ̀ ẹrú. Orúkọ 91,491 ló wà nínú àkójọ tí àwọn onímọ̀ ti tò jọ. Akọ̀wé kò mọ ohun tó ń kọ, etí Gẹ̀ẹ́sì tàbí etí Sípéènì ló fi gbọ́ ọ. Síbẹ̀, bí ọmọ ilé bá ka àwọn orúkọ náà sókè, á máa mọ̀ wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, ọ̀nà yìí sì ni àwọn onímọ̀ ń gbà wá ìlú tí wọ́n ti kó àwọn èèyàn náà wá.

Ti àbíkú tún yàtọ̀. Níbẹ̀, àgbà á mọ̀ọ́mọ̀ sọ orúkọ tí kò wuyì. Àwọn kan ń bẹ̀bẹ̀: Málọmọ́, Dúrójayé, Kòkúmọ́. Àwọn kan ń halẹ̀: Igbẹ́kọ̀yí, Akísàátán. Nínú gbogbo wọn, èmi ò rí èyí tó dà bíi Kòsọ́kọ́. Ẹ tú u wò. Kò sí ọkọ́. Kò dárúkọ ikú, kò dárúkọ sàréè, kò tilẹ̀ dárúkọ ọmọ. Ọkọ́ nìkan ló dárúkọ, ó ní kò sí. Ẹni tó gbọ́ ọ ni yóò fúnra rẹ̀ ronú kan ilẹ̀ tí wọn ì bá fi ọkọ́ gbẹ́. Ọkùnrin tó jọba Èkó láti 1845 di 1851 ló jẹ́ orúkọ yìí, ó sì dàgbà, ó bímọ, ó jagun. Àwọn Haúsá náà mọ irú ọgbọ́n yìí: ọmọ tí àwọn tó ṣáájú rẹ̀ ń kú, wọn a máa pè é ní Ajuji, ìyẹn ààtàn, kí ikú lè wò ó bí ohun tí kò ní láárí. Nígbà tí abẹ́rẹ́ àjẹsára ti dé, orúkọ àbíkú ti ń kúrò lára ọmọ tuntun, ó ń di orúkọ ìdílé. Ẹ lè bá Kòkúmọ́ pàdé ní báńkì, kí ó jẹ́ pé bàbá bàbá rẹ̀ ni wọ́n fi í bẹ̀.

Ṣùgbọ́n bí ẹ bá ní kí n tọ́ka sí ibi tí iṣẹ́ yìí ti dára jù, n kò ní í tọ́ka sí orúkọ gígùn kankan. Oríkì ni, èyí tí ìyá àgbà sábà máa ń mú wá. Ẹ jẹ́ ká to àwọn obìnrin sílẹ̀: Àbẹ̀kẹ́, Àṣàkẹ́, Àdùkẹ́, Àmọ̀kẹ́, Àjọkẹ́, Àníkẹ́. Iwájú kan náà, ẹ̀yìn kan náà, àárín nìkan ló ń yí. Ọmọ tí wọ́n bẹ̀bẹ̀ kí wọ́n tó rí i kẹ́ ni Àbẹ̀kẹ́. Èyí tí wọ́n ṣà ni Àṣàkẹ́. Èyí tí wọ́n ń dù mọ́ ara wọn lọ́wọ́ ni Àdùkẹ́, èyí tí gbogbo ilé pawọ́ pọ̀ kẹ́ ni Àjọkẹ́. Ọ̀rọ̀ ìṣe bíńtín kan ló ń sọ irú ilé tí wọ́n bí ọmọ sí: ilé tí wọ́n ti ń wá ọmọ látọdún mélòó kan, ilé tí ìyá ọkọ àti ìyá ìyàwó ti jọ ń nawọ́ gbọmọ. Ìyá àgbà tó bá pe ọmọ ní Àdùkẹ́ lójú àna rẹ̀ ti sọ ọ̀rọ̀ tó tó dájà sílẹ̀, àmọ́ ta ló máa bá ìkẹ́ jà?

Ẹ wá gbọ́ ohùn rẹ̀. Àbẹ̀kẹ́: dò dò mí. Àjàní, Àkàndé, Àyìndé, Àrẹ̀mú, dò dò mí náà ni. Àjọkẹ́ kàn gba àárín kọjá, dò re mí. Ìsàlẹ̀ ni wọ́n ti ń gbéra, òkè ni wọ́n ń parí sí, wọ́n sì ń dún dé ìdí igi tí ọmọ ti ń ṣeré. Ìyá tó ń lu ọmọ rẹ̀ kì í fi oríkì pè é. Tó bá ti pe oríkì, ọmọ mọ̀ pé ìjà ti parí. Ohun kan ṣoṣo tí mo fi ń bá àwọn ìyá àgbà wí ni pé kẹ́ ni wọ́n ń fi sára àwọn obìnrin, jà ni wọ́n ń fi sára ọkùnrin: Àjàní, Àjàgbé, Àjàmú, Àjàdí. Ṣé ọkùnrin ò fẹ́ ìkẹ́ ni?

Orúkọ Aláàfin tó wàjà ní 2022 ni mo máa ń fi han àwọn ọmọdé tó bá ní kí n ṣàlàyé: Làmídì Ọláyíwọlá Àtàndá Adéyẹmí. Ọwọ́ oríṣiríṣi ló wà lára ọba kan. Adéyẹmí ti ilé ọba wá, Àtàndá ni oríkì, Ọláyíwọlá ni àbísọ. Làmídì ni ti ààfáà, ó sì yẹ ká wò ó dáadáa. Lárúbáwá ló ti wá, Abdul Hamid. Ẹnu wa gé iwájú rẹ̀ kúrò, ó rọ èyí tó le, ó fi fáwẹ̀lì tì í lẹ́yìn, ó fi ohùn sí i. Bẹ́ẹ̀ náà ni Ibrahim ṣe di Bùráímọ̀, Sulaiman di Sùlèmánù. Kò sẹ́ni tó jókòó pe ìpàdé lórí rẹ̀. Àwọn ìyá tó ń pe ọmọ wálé jẹun ló ṣe é.

Níbòmíràn, wọ́n ń gba ọ̀nà mìíràn. Àwọn Akan ní Gánà ń fi ọjọ́ ìbí sọ ọmọ. Kofi Annan tó jẹ́ akọ̀wé àgbà Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé láti 1997 sí 2006, Kofi Atta Annan ni: Kofi torí ọjọ́ Ẹtì, Atta torí pé ìbejì ni, Annan sì ni orúkọ ọmọ kẹrin. Ó mọ́ tónítóní, kò ní ìjà nínú. Àmọ́ ní ti orúkọ ọjọ́, kàlẹ́ńdà ló ṣe iṣẹ́ àgbà. Àwọn Ìbàrìbá tó bá wa pààlà ń tò wọ́n bí wọ́n ṣe ń dé: àkọ́bí ọkùnrin ni Woru, èkejì ni Sabi, ẹ̀kẹta ni Bio, bíi ti Bio Guéra tó bá àwọn Faransé jagun ní 1916. Etí tó bá ti gbọ́ Sabi yìí tán, tó sì ti Ìgànná wá, á rántí Ṣábìgànná, á rẹ́rìn-ín díẹ̀. Ní Áísílándì ní tiwọn, ìgbìmọ̀ kan wà láti 1991 tó ń yẹ orúkọ tuntun wò. Èyí tí kò bá bá gírámà èdè wọn mu, wọn kò ní í fọwọ́ sí i. Orí ẹní nínú pálọ̀ ni ìgbìmọ̀ ti Ìgànná ń jókòó sí, wọn kì í sì í gba owó oṣù.

Bóyá ó yẹ kí wọ́n máa gbà á, nítorí pé iṣẹ́ ti ń burú. Mo mọ̀ pé ẹ̀sìn ti yí ilé padà. Ẹni tí kò bá bọ Ògún mọ́ lẹ́tọ̀ọ́ láti má fẹ́ Ògún níwájú orúkọ ọmọ rẹ̀. N kò bá a jà. Ẹni tó sọ Ògúnwálé di Olúwálé rí orúkọ tó ṣì dúró: ẹni tó wálé yàtọ̀, ilé wà níbẹ̀, wíwá wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ fi Olú rọ́pò Ọ̀jẹ́ nínú Ọ̀jẹ́dìran wò. Ohun tí orúkọ náà ń sọ ni pé iṣẹ́ ọ̀jẹ́ ti wọ ìran wa, bàbá ṣe é, ọmọ ṣe é, ọmọ ọmọ yóò ṣe é. Olúdìran wá ń sọ kí ni? Ọlọ́run di ìran ta ni? Ẹni tó ṣe bẹ́ẹ̀ kò yẹ inú orúkọ wò kó tó gé e. Ó dára kó wá òmíràn ṣẹ̀dá pátápátá ju kó máa ta àmùrè tuntun mọ́ ìdí ògbólógbòó. Èyí tó tún burú ju ìyẹn lọ ni orúkọ orí fóònù, tí wọ́n kó ọgọ́rùn-ún jọ tí wọ́n fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp. Kò sí ohun tó ṣe orúkọ náà. Àmọ́ kò sẹ́ni tó bi ìbéèrè kankan nípa ọmọ tó máa jẹ́ ẹ.

Ìdánwò ìkẹyìn wà lẹ́nu àwọn ọmọdé. Kò sí orúkọ gígùn tí ẹgbẹ́ ọmọ kò ní í gé, ọ̀gá sì ti mọ̀ bẹ́ẹ̀ kó tó sọ ọ́. Gé iwájú Adékúnlé, Kúnlé ṣì ń kún ilé. Gé ti Olúwarẹ̀mílẹ́kún, Rẹ̀mí ṣì ń bẹ̀bẹ̀ fún ìtùnú. Wálé ń wálé, Ṣẹ́gun ń ṣẹ́gun. Ṣùgbọ́n gé Olúwadámilọ́lá, kí Dámi máa ké láàárín ọjà, á dà bíi pé ẹnìkan ní kí wọ́n gbé òun ṣánlẹ̀ níbi ìjàkadì. Olúwatóbilọ́ba di Tóbi, ọmọ náà sì tẹ́ẹ́rẹ́ bí ìgbálẹ̀.

Ìyá àgbà kan wà tí ọmọ rẹ̀ ọkùnrin mú orúkọ wá fún un gbọ́ ṣáájú ìkómọ, Ìfẹ́olúwakìítán. Ìyá ní kí ó tún un pè. Ó tún un pè. Ìyá yíjú sí ẹ̀yìnkùlé, ó pe orúkọ náà fúnra rẹ̀ bí ẹni ń pe ọmọ bọ̀ láti ìdí igi ẹ̀mí, ó mí kanlẹ̀.

"Àkàndé, kò tán lóòótọ́. Bí ejò bá wà lẹ́sẹ̀ ọmọ ńkọ́?"

"Ẹ má bínú, Ìyá. A lè máa pè é ní Ìfẹ́."

"Kí ló dé tí o ò ti sọ bẹ́ẹ̀ látàárọ̀?"